Fíìmù náà kò ní ohùn, ṣùgbọ́n gbọ̀ngàn kò dákẹ́

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n tún ọ̀rọ̀ yìí ṣe. Ẹnì kan kọ ọ́ pé àwọn tó wo Taki no Shiraito, fíìmù tí Mizoguchi Kenji ṣe ní Japan lọ́dún 1933, jókòó sínú òkùnkùn láìgbọ́ ohùn ẹnikẹ́ni, àti pé Mizoguchi fúnra rẹ̀ ló ro ìtàn ìfẹ́ náà.

Kò rí bẹ́ẹ̀. Lóòótọ́, wọn kò gba ohùn sínú fíìmù náà. Ṣùgbọ́n ní Japan ayé ìgbà yẹn, asọ̀tàn tí wọ́n ń pè ní benshi máa ń wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ aṣọ tí wọ́n ń tan fíìmù sí. Á máa ròyìn, á yí ohùn padà bí obìnrin, bí ọkùnrin, bí arúgbó, orin á sì máa lọ lábẹ́ rẹ̀. Àwọn mìíràn tìtorí benshi nìkan lọ sí sinimá. Ó dùn mí gan-an bí a ṣe ń gbàgbé iṣẹ́ ọwọ́ wọn.

Ní ti ìtàn náà, Izumi Kyoka ló kọ ọ́, ìwé ìròyìn Yomiuri sì gbé e jáde ní 1894. Shiraito tó ń fi omi dárà lójú agbo ń sanwó kí Kinya, olólùfẹ́ rẹ̀, lè kẹ́kọ̀ọ́ òfin. Wàhálà owó yẹn ló sọ ọ́ di apànìyàn. Nígbà tó dé kóòtù, Kinya gan-an ni agbẹjọ́rò ìjọba.

Òṣèré obìnrin Irie Takako ló kó ipa Shiraito nínú fíìmù náà, ilé iṣẹ́ fíìmù tirẹ̀ ló sì gbé e jáde.