Píláà Mi Ti Di Ààrò

Ẹ jẹ́ n sọ ọ́ síta kí inú mi má bẹ́. Àtẹ̀jíṣẹ́ akọ̀wé ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù wa ló wọlé lánàá: ìgbìmọ̀ apẹ̀tùsáàwọ̀ kò ní lè jókòó lórí ọ̀rọ̀ ilẹ̀ mi ní Sátidé mọ́, alága ẹgbẹ́ ń ṣe ìnáwó, kí a fi sùúrù ṣe é. Ẹ̀ẹ̀karùn-ún rèé! Aṣọ ìnáwó ọ̀hún náà, wọ́n ti kó o wá tà fún wa.

Ẹ̀yin tí ẹ ti ra ilẹ̀ lọ́wọ́ ẹgbẹ́ rí, ẹ mọ ibi tí mò ń lọ. Ọdún mẹ́fà ni wọ́n fi ń gé owó ilẹ̀ yìí lára owó oṣù tíṣà tí mò ń gbà. Owó oṣù lè pẹ́, gígé kì í pẹ́. Nígbà tí wọ́n wá fún mi níwèé, Búlọ́ọ̀kù 4, Pulọ́ọ̀tì 17, 60 ẹsẹ̀ bàtà ní 120, mo ṣe ìdúpẹ́ ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo tiẹ̀ jó.

Lóṣù mélòó kan sẹ́yìn ni mo ní kí n lọ gé koríko ibẹ̀. Ọ̀nà Ọ̀fadà, ọ̀kadà méjì, eruku títí dé ìpéǹpéjú. Kí n tó débẹ̀ ni mo ti ń gbọ́ ṣọ́bìrì. Bíríkìlà ti ta okùn, wọ́n ti gbẹ́ ìpìlẹ̀, wọ́n ti to bulọ́ọ̀kù dé ìlà kejì. Lébìrà kan ń ro àmàlà lábẹ́ igi. Mo wo ohun tó gbé ìkòkò ró: bulọ́ọ̀kù fífọ́ méjì, ẹ̀kẹta jẹ́ píláà awọnlẹ̀, òpó sìmẹ́ǹtì kúkurú tó ń sàmì ààlà ilẹ̀, tí wọ́n hú, nọ́ńbà ṣì wà lórí ẹ̀, èéfín ti pa á dúdú. Mo yọ ìwé mi, mo fi nọ́ńbà wé nọ́ńbà. Tèmi ni! Wọ́n ní ààrò mẹ́ta kì í dọbẹ̀ nù. Ó dáa, ọ̀kan nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta, èmi ni mo sanwó ẹ̀.

Mo figbe bọnu. Bàbá àgbàlagbà kan dìde lórí pákó, ó ní, "Ọmọ mi, ṣé kò sí?" Òṣìṣẹ́ fẹ̀yìntì ni bàbá, owó ìfẹ̀yìntì ẹ̀ ló fẹ́ fi kọ́lé. Ó tú náílọ́ọ̀nù, ó fa ìwé tiẹ̀ yọ. Búlọ́ọ̀kù 4, Pulọ́ọ̀tì 17. Ẹgbẹ́ kan náà, òǹtẹ̀ kan náà, ọwọ́ akọ̀wé kan náà pẹ̀lú ìrù gígùn tó máa ń fà sábẹ́ orúkọ ẹ̀. Ìjà ni mo bá wá o. Bàbá ní kí wọ́n fún mi lómi, mo jókòó tì í, mo mu ún.

Mo gba ọ̀dọ̀ alága lọ. Ó ní, "Mọ́mì, aáwọ̀ kékeré láàárín ọmọ ẹgbẹ́ méjì ni, a máa parí ẹ̀ ní ìtùbí-ìnùbí." Aáwọ̀ wo? Èmi àti Bàbá ò jà! Ìṣirò ni ọ̀rọ̀ yìí. Éékà kan, pulọ́ọ̀tì mẹ́fà ni, tó bá jẹ́ 60 ní 120. Éékà 10 ni wọ́n rà lọ́wọ́ ọmọ onílẹ̀. Ọgọ́ta nìyẹn, ká tiẹ̀ ní a ò ní la títì, ká máa fò wọlé bí ẹyẹ. Èèyàn 84 ni wọ́n gbowó ilẹ̀ lọ́wọ́ wọn! Ọmọ pámárí kẹrin tí mò ń kọ́ ní ìyọkúrò ò ní ṣe irú èyí. Ṣùgbọ́n bí mo bá fi ìṣẹ́jú márùn-ún pẹ́ dé ìpàdé, ₦500 ni fáìnì, akápò ò ní ṣì í kà. Owó òpó iná náà ńkọ́? Òpó wà, wáyà ò sí, alángbá ló ń lò ó.

Òfin alájẹṣẹ́kù ti 1993 ní ọ̀dọ̀ olùdarí ọ̀rọ̀ alájẹṣẹ́kù níjọba ni kí wọ́n gbé irú ẹjọ́ yìí lọ. Mo lọ. Wọ́n ní kí n kọ́kọ́ mú lẹ́tà ìgbìmọ̀ ẹgbẹ́ wá, pé wọ́n ti dá sí i, kò yanjú. Ìgbìmọ̀ tí kò jókòó rí! Ta sì ni alága ìgbìmọ̀ náà? Akọ̀wé tó fọwọ́ sí ìwé méjèèjì.

Bàbá pè mí lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ó ní òun ti dáwọ́ iṣẹ́ dúró, òun ò lè kọ́lé lé omijé ọmọ ọlọ́mọ. Sìmẹ́ǹtì tó kù ti dì nínú àpò. Èyí ló dùn mí jù, ju owó mi lọ.

Ohun tí mo fẹ́ ò pọ̀. Ilé alága wà ní Búlọ́ọ̀kù 1, pulọ́ọ̀tì méjì ló so pọ̀, kọ́nà písì. Kí ó kó ẹrù ẹ̀ jáde, kí àwa mẹ́rìnlélógún tí ilẹ̀ ò kárí wọlé. Kí wọ́n fún Bàbá ní yàrá tó ní fáànù, èmi á gba pálọ̀. Bí ìyẹn bá ṣòro, kí wọ́n ṣáà dá píláà mi padà. Mo ní òkúta méjì nílé.