Dígí Dúdú Tí Wọ́n Ń Tà Fún Aráyé Yìí, Jìbìtì Ni!

Ó tó gẹ́ẹ́! Ẹ̀yin tí ẹ ń ta dígí ìríran lórí íntánẹ́ẹ̀tì, ìyẹn dígí dúdú téèyàn ń tẹjú mọ́ kó lè rí ìran nínú rẹ̀, kí lẹ tiẹ̀ fi wá pè ná? Ẹ ó kọ ọ́ gàdàgbà pé «òbsídíánì gidi láti Mẹ́síkò», ẹ ó gba owó òkúta, rọ́bà dúdú lẹ ó wá dì sínú páálí. Ẹni tórí bá kó yọ lọ́wọ́ rọ́bà, gíláàsì lásán ló máa bá níbẹ̀.

Òbsídíánì ò kúkú ṣòroó dá mọ̀. Òkè ayọnáyèéfín ló ń pọ̀ ọ́: òkúta yíyọ́ tó tètè tutù débi pé kò ráyè di hóró, tó fi di gíláàsì fúnra rẹ̀. Ẹ gbé etí rẹ̀ tó fẹ́lẹ́ síwájú tọ́ọ̀ṣì tó mọ́lẹ̀ dáadáa. Ìmọ́lẹ̀ tó bá gba inú rẹ̀ kọjá sábà máa ń rí bí èéfín, tàbí kó pọ́n rúsúrúsú. Tó bá lọ jẹ́ àwọ̀ elésè àlùkò lẹ rí, gíláàsì tí wọ́n po èròjà máńgáníìsì mọ́ nìyẹn. Ẹ tún wá ihò afẹ́fẹ́ tó rí róbótó nínú rẹ̀. Ilé iṣẹ́ gíláàsì nirú ẹ̀ sábà máa ń ti wá, torí ti òkúta sábà máa ń fà gùn síbi tó ṣàn gbà ni. Àwọn ọ̀mọ̀ràn kan sì wà tó ń pariwo pé èyí tó bá ti ń tàn bí ewé, ayédèrú ni. Irọ́ ńlá! Òbsídíánì tó wá láti Pachuca ní Mẹ́síkò, tó jẹ́ ààyò àwọn Aztec ayé àtijọ́ níbẹ̀, àwọ̀ ewé yẹn gan-an ló fi lókìkí.

Orúkọ John Dee ni wọ́n tún fi ń gbowó lórí. Òun ni amòye tó gbáyé Ọbabìnrin Elizabeth Kìíní, tí wọ́n ní ó ni dígí òbsídíánì tó wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù. Lọ́dún 2021, àwọn onímọ̀ tó yẹ èròjà inú dígí náà wò jẹ́rìí sí i pé Pachuca ni òkúta rẹ̀ ti wá. Àtìgbà náà ni gbogbo rọ́bà ti di ọmọ Pachuca! Ẹ jẹ́ ká ṣírò ẹ̀. Ká ní ẹ̀dà kan rí róbótó, tó fẹ̀ tó sẹ̀ǹtímítà 18, tó nípọn tó mìlímítà 13. Tó bá jẹ́ òbsídíánì, ó máa wọn nǹkan bíi gíráàmù 790. Tó bá jẹ́ rọ́bà dídán, bíi 390 ni. Ẹni tó bá wá kọ gíráàmù 400 sábẹ́ «òkúta gidi», ẹnu ara rẹ̀ ló fi ń jẹ́wọ́ yẹn. Àmọ́ ìwọ̀n ò lè ya òkúta sọ́tọ̀ kúrò lára gíláàsì o, torí wọ́n fẹ́rẹ̀ẹ́ wúwo bákan náà. Tọ́ọ̀ṣì lẹ máa padà sí.

Òótọ́ ọ̀rọ̀ ni pé gíláàsì tí wọ́n kun lẹ́yìn ò burú rárá. Ó ń ṣiṣẹ́, owó rẹ̀ kéré, èèyàn sì lè ṣe é nílé. Ohun tó ń bí mi nínú ni pé àwọn tó ń gbowó rẹ̀ ò mọ̀ ọ́n ṣe! Iwájú ni wọ́n ń kun, níbi tí ojú ọ̀dà ò ti lè tẹ́jú bíi ti gíláàsì, tí aṣọ ìnudígí á sì máa ha á. Wọ́n á da ọ̀dà bò ó lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, ó máa ṣàn wálẹ̀ gbuuru. Wọn ò nu ọ̀rá ọwọ́ kúrò, kó tó pẹ́, ọ̀dà á bẹ̀rẹ̀ sí í bó. Èyí tó sì burú jù ni ti àwọn tí kò kun nǹkan kan, tí wọ́n kàn fi bébà dúdú tì í lẹ́yìn. Afẹ́fẹ́ wà láàárín bébà àti gíláàsì, nítorí náà ojú gíláàsì méjèèjì ló ń dá ìmọ́lẹ̀ padà, àbẹ́là kan á wá di méjì. Ọ̀dà tó lẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn gíláàsì típẹ́típẹ́ ló ń gbé èkejì mì.

Kí ló wá le níbẹ̀? Ẹ mú gíláàsì férémù fọ́tò, mìlímítà 2 tàbí 3. Ẹ fi ọṣẹ fọ̀ ọ́, ẹ fi sípíríìtì nù ún, ẹ má fọwọ́ kan ojú rẹ̀ mọ́. Ẹ fọ́n ọ̀dà dúdú alágolo sẹ́yìn rẹ̀ láti nǹkan bíi sẹ̀ǹtímítà 25, fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́ẹ́rẹ́, lẹ́ẹ̀mẹta tàbí mẹ́rin, kẹ́ ẹ máa sinmi bí ogún ìṣẹ́jú láàárín wọn. Kó gbẹ di ọjọ́ kejì, kẹ́ ẹ wá gbé e síwájú gílóòbù. Ibi tí ìmọ́lẹ̀ bá ti ń yọjú bí orí abẹ́rẹ́, ẹ tún un fọ́n. Ó parí.

Ìwé ìlànà tí wọ́n ń fi sínú páálí ńkọ́? Òṣùpá, òórùn dídùn, àdúrà, gbogbo rẹ̀ pé síbẹ̀. Ibi tó yẹ kí iná wà, wọn ò sọ! Àtùpà tí kò mọ́lẹ̀ jù, lẹ́yìn ẹni tó ń wò, ni. Ẹ tẹ dígí náà sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan díẹ̀ kẹ́ ẹ má baà rí àtùpà tàbí ojú ara yín nínú rẹ̀. Ẹni tó gbájú mọ́ ibì kan níbi tí iná ò ti mọ́lẹ̀ púpọ̀, ohun tó yí ibẹ̀ ká á máa pòórá lójú rẹ̀. Troxler, oníṣègùn ará Switzerland, ti kọ èyí sílẹ̀ láti 1804. Lọ́dún 2010, Caputo, onímọ̀ ará Ítálì, kó 50 èèyàn jọ, ó ní kí wọ́n wo dígí fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá pẹ̀lú gílóòbù wáàtì 25 lẹ́yìn wọn. Ìdá 66 nínú ọgọ́rùn-ún wọn ló rí i tí ojú ara wọn yí padà. Dígí lásán ló sì lò o! Ẹni tó gbà pé ẹ̀mí ló ń yọjú, tirẹ̀ nìyẹn, iná kan náà ló máa tàn.

Fíìmù wa náà dá kún un, níbi tí ọ̀tá ti ń yọ kedere nínú dígí bíi tẹlifíṣọ̀n, tòun ti àwọ̀ fìlà rẹ̀. Òjìji àti kùrukùru lẹ máa rí, ẹ má retí fìlà.

Ẹ̀yin oníṣòwò, ẹ kọ ọ́ sára páálí: gíláàsì ni àbí òkúta, ìwọ̀n rẹ̀, àti ẹ̀gbẹ́ tẹ́ ẹ kun. Ẹ sì yé fi láílọ́ọ̀nù kan ṣoṣo wé òbsídíánì ránṣẹ́. Bó bá fọ́, etí rẹ̀ mú ju abẹ lọ, ọwọ́ oníbàárà ló sì máa kọ́kọ́ kàn án.