Àtúnṣe: Kì í ṣe gbogbo etíkun Kroatíà lèèyàn ti lè bọ́ra sílẹ̀

Ọ̀rọ̀ kan ń jà ràn-ìn pé ẹni tó bá ti dé Kroatíà, orílẹ̀-èdè kan ní Yúróòpù, lè wà ní ìhòòhò ní etíkun tó bá wù ú. Irọ́ ni. Àwọn ibi tí wọ́n yà sọ́tọ̀ wà fún un. Ẹ ó rí FKK, ìkékúrú ọ̀rọ̀ Jámánì fún àṣà wíwà ní ìhòòhò, gàdàgbà lára pátákó, tàbí kí wọ́n fi ọ̀dà kọ ọ́ sára àpáta. Tẹ́ ẹ bá ti kọjá ibẹ̀, ẹ wọṣọ yín. Ní ìlú Hvar, kódà ẹni tó wọ aṣọ ìwẹ̀ nìkan rìn nígboro lè san owó ìtanràn.

Òótọ́ ni pé àṣà náà ti pẹ́ níbẹ̀. Láti 1961 ni Koversada, ọgbà ìgbafẹ́ àwọn tó ń wà ní ìhòòhò nítòsí ìlú Vrsar, ti ṣílẹ̀kùn, tọmọtìyá ni wọ́n sì ń lọ síbẹ̀. Ìdí nìyí tó fi ń dùn mí tí wọ́n bá sọ ọ́ di ọ̀rọ̀ ìṣekúṣe. Oòrùn, omi àti ìdákẹ́jẹ́ ni wọ́n ń wá.

Àwòrán yanrìn funfun tí wọ́n ń pín kiri pẹ̀lú ọ̀rọ̀ náà tún ń tan ni jẹ. Òkúta àti àpáta ló pọ̀ jù níbẹ̀. Omi rẹ̀ mọ́ gaara débi pé ẹ ó rí ẹ̀dá òkun dúdú ẹlẹ́gùn-ún tó lẹ̀ mọ́ òkúta nísàlẹ̀. Ẹ má gbàgbé bàtà rọ́bà.