Ìjọba òyìnbó kọ́ ló kọ́ Èkìtì níwèé

Lọ́dún tó kọjá, mo lọ síbi òkú àgbà kan lágbègbè Ìkọ̀lé. Ẹ mọ bí òkú àgbà ṣe ń rí lọ́dọ̀ wa. Wọ́n ka orúkọ àwọn ọmọ olóògbé: ọ̀jọ̀gbọ́n méjì, dókítà kan, lọ́yà kan, àbíkẹ́yìn tó jẹ́ nọ́ọ̀sì ní London. Bàbá tíṣà kan tó ti fẹ̀yìn tì tipẹ́ wá gba máíìkì. Wọ́n ní, "Ẹ jẹ́ ká fọpẹ́ fún òyìnbó. Bí kì í bá ṣe ti ìjọba Gẹ̀ẹ́sì, ta ni ì bá mọ A yàtọ̀ sí B nínú wa? Inú igbó là bá ṣì wà, tí à bá máa dúńbú ara wa." Gbogbo abẹ́ kánópì pàtẹ́wọ́. Èmi náà pàtẹ́wọ́. Àgbà ni wọ́n, a kì í sì í já ọ̀rọ̀ gbà lẹ́nu àgbà níbi òkú. Mo jẹ iyán mi, mo mu omi lé e, mo padà sí Adó.

Kì í ṣe bàbá yẹn nìkan ló ń sọ bẹ́ẹ̀. Nínú takisí, lórí WhatsApp ẹgbẹ́ ọmọ ìlú, lẹ́nu àwọn tó kàwé débi tí ìwé parí sí, ohun kan náà lẹ ó máa gbọ́: òyìnbó ló là wá lójú. Tiwa l'Ékìtì tún wá yàtọ̀. Nítorí pé wọ́n ń pè wá ní ilẹ̀ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n, ó wá dà bíi pé gbèsè tí àwa jẹ ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ló wúwo jù. Ó yẹ ká yẹ ìwé gbèsè yẹn wò.

Inú ọ̀rọ̀ yẹn gan-an, "òyìnbó", ni àṣìṣe ti bẹ̀rẹ̀. Ó dà bí ẹni tó di tẹ̀tẹ̀ àti ewúro pọ̀ nídìí kan, tó ń tà á ní ẹ̀fọ́ kan náà. Ìjọba tó ní ọlọ́pàá, kọ́ọ̀tù àti owó orí, ọ̀tọ̀ ni. Míṣọ́nnárì, ọ̀tọ̀ ni. Àwọn ọmọ Yorùbá tó gbé ìwé àti Bíbélì wọ ìlú kò tiẹ̀ sí nínú ìdì náà rárá, àwọn ló sì ṣe èyí tó pọ̀ jù.

Ẹ wo àwọn gbajúgbajà ilé ẹ̀kọ́ girama tí ìjọba fọwọ́ ara rẹ̀ dá sílẹ̀ lápá ibí. King's College, Èkó, 1909. Queen's College, Èkó, 1927. Government College, Ìbàdàn, 1929. Èwo ló dé Èkìtì nínú wọn? Ní 1861 ni wọ́n gba Èkó. Ọdún 1948 ni wọ́n tó dá yunifásítì sílẹ̀ n'Ìbàdàn. Ọdún 87 ló wà láàárín méjèèjì. Ọmọ tí wọ́n bí lọ́jọ́ tí wọ́n gba Èkó ì bá ti di arúgbó kùjọ́kùjọ́ kí ilé ẹ̀kọ́ náà tó ṣílẹ̀kùn. Ìjọba fún àwọn ilé ìwé míṣọ́ọ̀nù kan lówó ìrànwọ́ lóòótọ́, mi ò ní purọ́. Ṣùgbọ́n òfin ẹ̀kọ́ tí wọ́n ṣe ní 1926 tún fún wọn lágbára láti ti ilé ìwé tí kò bá wù wọ́n pa.

Ta ló wá gbé ìwé wọ Adó? Ọmọ Adó kan tí ogun kó lẹ́rú ni, Babamúbọ̀ni. Wọ́n tà á kúrò nílé, ó di onígbàgbọ́ lẹ́yìn odi, ó sì padà wálé ní nǹkan bí 1893, ó bẹ̀rẹ̀ ìjọ. Kò sí ẹni tó yàn án. Kò gba owó oṣù lọ́wọ́ gómìnà kankan. Bíbélì tí irú wọn gbé wálé, èdè wa ni wọ́n fi kọ ọ́, ọmọ Òṣoògùn kan tí wọ́n ti kó lẹ́rú rí, Ajàyí Crowther, ló sì ṣáájú àwọn tó túmọ̀ rẹ̀. Odindi rẹ̀ parí ní 1884. Èmi máa ń rò ó pé ó yẹ kí ìtàn yẹn máa gba omi lójú wa ju bó ṣe ń ṣe lọ. Ẹni tí wọ́n kó lọ bí ẹrù, òun ló padà wá kọ́ àwọn tó kù nílé ní á, bí, dí.

Ẹnì kan á ní, Christ's School Adó ńkọ́? Òyìnbó kọ́ ni Dallimore ni? Òyìnbó ni. Ọlọ́run á sàn án fún un, ó ṣe bẹbẹ. Míṣọ́nnárì CMS, ẹgbẹ́ míṣọ́nnárì ìjọ Áńgílíkà, ni, kì í ṣe òṣìṣẹ́ ìjọba, ọdún 1933 ló sì dá ilé ìwé náà sílẹ̀. Ẹni tó bá ti gun òkè Àgídímọ̀ yẹn rí mọ̀ pé òkúta ibẹ̀ ò ṣí fúnra rẹ̀. Àwọn ọmọ ilé ìwé àti àwọn ọmọ ìjọ fi agbára wọn sí i.

Ìyá mi àgbà, tí wọn ò mọ̀wé kà títí wọ́n fi lọ, máa ń sọ fún wa bí wọ́n ṣe kọ́ ulé ùwé ìlú wọn. Agboolé kọ̀ọ̀kan ló ní iye iṣu tirẹ̀ tí wọ́n máa gbé fún àwọn bíríkìlà. Àwọn obìnrin ló ń ru yanrìn láti odò. Lásìkò kòkó, ìdáwó tún wà, ẹni tí kò bá san án, orúkọ rẹ̀ á jáde ní ṣọ́ọ̀ṣì lọ́jọ́ Àìkú, ìtìjú yẹn sì ju ẹ̀wọ̀n lọ. Bí ìlú bá rí ọmọ tí orí rẹ̀ pé, wọ́n á tún dáwó rán an lọ síwájú. Orí yanrìn àti iṣu yẹn la ti bẹ̀rẹ̀ sí í ka ọ̀jọ̀gbọ́n.

Kòkó tí mo mẹ́nu bà yìí ní ìtàn tirẹ̀. Wọ́n á ní ìjọba òyìnbó ló kọ́ wa ní oko kòkó. Ohun tí Gẹ̀ẹ́sì ń wá lọ́wọ́ wa nígbà náà, òwú ni, nítorí ilé iṣẹ́ aṣọ wọn ní Manchester. Òwú ni wọ́n tìtorí rẹ̀ dá Moor Plantation sílẹ̀ n'Ìbàdàn ní 1905. Àwọn àgbẹ̀ olówó Agége, àwọn bíi J. K. Coker tó jẹ́ ọ̀kan nínú àwọn aṣáájú ṣọ́ọ̀ṣì aláwọ̀ dúdú, ló sọ kòkó di nǹkan ńlá. Àwọn ọ̀dọ́ láti Ìjẹ̀ṣà, Oǹdó àti Èkìtì lọ ṣe lébìrà lóko wọn. Wọ́n fojú kọ́ ọ, wọ́n sì kó irúgbìn padà wálé.

Ìgbà tí kòkó ti so tán ni ìjọba wá mọ ọ̀nà oko. Ní 1947 wọ́n dá bọ́ọ̀dù kòkó sílẹ̀. Bó ṣe ń ṣiṣẹ́ rèé: bọ́ọ̀dù nìkan ló lè ta kòkó sókè òkun. Wọ́n á dá iye kan lé orí tọ́ọ̀nù fún àgbẹ̀, wọ́n á tà á ní iye tó ju bẹ́ẹ̀ lọ dáadáa, wọ́n á sì tọ́jú owó tó lé sí London. Wọ́n ní nítorí ọjọ́ tí ọjà bá kú ni. Lásìkò yẹn, gbèsè ogun Hitler wà lọ́rùn Gẹ̀ẹ́sì bámúbámú. Torí náà, àgbẹ̀ tó ń sá kòkó lórí ẹní l'Éfọ̀n tàbí n'Ísẹ̀ ń yá ọba Gẹ̀ẹ́sì lówó, kò sì mọ̀. Ta ló jẹ ta ní gbèsè níbẹ̀ yẹn?

Nígbà tí agbára bọ́ sọ́wọ́ àwọn ọmọ ilẹ̀ yìí ní Ìwọ̀-Oòrùn ni owó kòkó tó yíjú sí ọmọ àgbẹ̀. Ní ọjọ́ 17 oṣù kìíní 1955 ni ẹ̀kọ́ ọ̀fẹ́ bẹ̀rẹ̀. Awólọ́wọ̀ ni olórí ìjọba ẹkùn, Awókọ́yà ni mínísítà ètò ẹ̀kọ́, Adékúnlé Ajásin ló sì ti kọ àbá rẹ̀ ṣáájú. Àwọn ọmọ tó wà nílé ìwé alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ lọ́dún náà lé ní 800,000. A ò gbọdọ̀ fi oyin lá ìtàn yìí o: àwọn èèyàn wa náà bínú sí owó orí tí wọ́n fi kún un, ẹgbẹ́ Action Group, ẹgbẹ́ òṣèlú Awólọ́wọ̀, sì fìdí rẹmi n'Íwọ̀-Oòrùn nínú ìbò àpapọ̀ ti 1954. Àmọ́ ọdún 5 ṣáájú òmìnira nìyẹn, àwa fúnra wa la sì ṣe é, lówó ara wa.

Ó ku ti "à bá máa dúńbú ara wa". Ogun Kírìjì, tí àwa àti Ìbàdàn jà, ni wọ́n máa ń nà sí wa. Ẹ jẹ́ ká rántí ohun tó fà á. Àwọn ajẹ́lẹ̀, ìyẹn àwọn tí Ìbàdàn fi ṣọ́ àwọn ìlú tó wà lábẹ́ wọn, ló ń jayé ọlọ́ba lórí àwọn ìlú wa, títí Fábùnmi Òkè-Ìmẹ̀sí fi yọ idà lọ́dún 1878. Èkìtì Parapọ̀, ìyẹn Èkìtì, Ìjẹ̀ṣà àti àwọn tó dara pọ̀ mọ́ wọn, jà kí wọ́n lè bọ́ lábẹ́ ẹlòmíràn ni. Ìbọn tó sì mú kí ogun náà pẹ́ kò wá láti ọ̀run. Yúróòpù ni wọ́n ti rọ ọ́, àwọn ọmọ wa l'Ékòó sì ń rà á ránṣẹ́ sílé. Nígbà tí ìlàjà máa dé ní 1886, gómìnà Èkó ló ń dárí rẹ̀, ṣùgbọ́n àwọn àlùfáà Yorùbá méjì, Samuel Johnson àti Charles Phillips, ló ń ti ibùdó dé ibùdó gbé ọ̀rọ̀ náà kiri. Wọ́n fọwọ́ sí i ní ọjọ́ 23 oṣù kẹsàn-án pé àwọn ọba Èkìtì Parapọ̀ dòmìnira.

Ẹ wo ohun tó ṣẹlẹ̀ sí òmìnira náà. Ní 1893 Gómìnà Carter wá tú ibùdó ogun ká. Lọ́dún tó tẹ̀ lé e, wọ́n mú Ògèdèǹgbé, olórí ogun Èkìtì Parapọ̀, wọ́n gbé e lọ sí Ìwó. Ní 1913 wọ́n fi Adó ṣe ibùjókòó ẹ̀ka ìjọba wọn l'Ékìtì. Onílàjà di onílé. Orúkọ tí Yorùbá sì wá ń pe D.O., òyìnbó tó ń ṣàkóso agbègbè, ni èyí tó ń dùn mí jù: ajẹ́lẹ̀. Àwọn baba wa mọ ohun tí wọ́n rí.

Àlàáfíà dé, mi ò sẹ́ ẹ. Kíkó ẹrú dúró, ọ̀nà là, ẹni tí wọ́n tà lè padà rí ìyá rẹ̀. Bí ẹnì kan bá fẹ́ dúpẹ́ fún ìyẹn, kó dúpẹ́. Kó má ṣáà fi ilé ìwé kún un.

Bó bá jẹ́ ohun tí ìjọba náà fi sílẹ̀ fún wa ní tòótọ́ là ń wá, ẹ má wo kíláàsì. Ààlà ni kí ẹ wò. Nígbà tí wọ́n fa ìlà sáàárín Àríwá àti Gúúsù, wọn ò bi ẹnikẹ́ni l'Ékìtì. Ọ̀tún, ìlú ọba tí wọ́n ń pè ní Oore, tó wà lára àwọn tó ja Kírìjì, wà lábẹ́ Ìlọrin títí di 1936 kí wọ́n tó dá a padà. Àwọn kan ò padà títí dòní. Òbó, Ọ̀sì, Ẹ̀rúkù: Kwara ni wọ́n wà, ìjọba ìbílẹ̀ wọn sì ń jẹ́ Èkìtì! Ẹ bá wọn sọ̀rọ̀, ẹ ó gbọ́ ohùn tiwa lẹ́nu wọn. Ṣùgbọ́n bí ọmọ wọn bá ń kọ fọ́ọ̀mù yunifásítì, Kwara, l'Áríwá, ló máa kọ síbẹ̀. Ìbátan rẹ̀ tó wà ní Ọ̀tún, tí wọ́n jọ ń náwó òkú kan náà, á kọ Èkìtì, ní Gúúsù. Ìlà kan lórí máàpù, láti ọwọ́ ẹni tí kò jẹ iyán wa rí.

Rélùwéè náà ńkọ́? Ó dé Ìbàdàn ní 1901, ó dé Òṣogbo ní 1907, ó sì gba Ìlọrin lọ sókè. Ó yà wá sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Títí di bí mo ṣe ń kọ èyí, kò sí irin rélùwéè kankan l'Ékìtì.

Ọmọ Ìkọ̀lé kan wà, J. F. Adé Àjàyí, tí wọ́n bí ní 1929, tó lo ilé ìwé Àgídímọ̀ yẹn náà kó tó di ọ̀kan nínú àwọn òpìtàn tó lókìkí jù nílẹ̀ Áfíríkà. Ohun tó fi gbogbo ayé rẹ̀ tẹnu mọ́ ni pé ìṣàkóso òyìnbó jẹ́ orí kan péré nínú ìtàn wa, kì í ṣe ìbẹ̀rẹ̀ ìwé náà. Agbègbè ìlú tirẹ̀ ni ibi òkú tí mo ń sọ yìí wà.

Mo padà lọ kí bàbá tíṣà yẹn lẹ́yìn oṣù kan. Mo dọ̀bálẹ̀, a sọ̀rọ̀ ìlera, a sọ̀rọ̀ owó ìfẹ̀yìntì tó ń pẹ́. Mo wá rọra bi wọ́n pé, "Bàbá, ta ló san owó ilé ìwé yín?"

"Ìyá mi ni. Wọ́n ń ta epo, wọ́n ń fẹsẹ̀ rìn dé Ìkọ̀lé."

"Ìjọba òyìnbó ńkọ́, sà?"

"Ìjọba?" Wọ́n rẹ́rìn-ín. "Àwọn ni wọ́n ń wá gba owó orí lọ́wọ́ bàbá mi. Bí wọ́n bá ti ń bọ̀, bàbá mi á gba inú oko lọ." Wọ́n dákẹ́ díẹ̀. "Ṣùgbọ́n wọ́n la ọ̀nà o. O ò lè sẹ́ ìyẹn."

Mo ní, "Ta ló gbẹ́ ọ̀nà náà, sà?"

Wọ́n wò mí títí, wọ́n wá pe ìyàwó ilé pé kó gbé oúnjẹ wá, ọmọ yìí ti ń béèrè jù.