Ẹnì kan ṣoṣo kọ́ ló ṣe fíìmù Flow

Láti ìgbà tí Flow, fíìmù kátúùnù nípa ológbò kan àti àwọn ẹranko mìíràn, ti gba Oscar ní ọjọ́ 2, oṣù Kẹta, ọdún 2025, ni wọ́n ti ń gbé e kiri pé ọ̀dọ́mọkùnrin Látfíà kan ló dá jókòó sí yàrá rẹ̀, tó fi Blender, ètò kọ̀ǹpútà ọ̀fẹ́ tí wọ́n fi ń ṣe kátúùnù 3D, ṣe fíìmù náà láìná kọ́bọ̀. Irọ́ ni, ó sì ń fi ẹ̀tọ́ ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ dù wọ́n.

Fíìmù méjì ni wọ́n ń pò pọ̀. Gints Zilbalodis, olùdarí Flow, dá ṣe fíìmù rẹ̀ tó ń jẹ́ Away lóòótọ́, títí kan orin inú rẹ̀. Ó gbà á tó ọdún mẹ́ta àti ààbọ̀, ó sì jáde ní 2019. Ẹ wò ó dáadáa, ẹ ó rí bó ṣe dín ẹrù ara rẹ̀ kù: ọmọkùnrin kan, alùpùpù kan, ẹyẹ kan, òmìrán dúdú tí kì í yára rìn, kò sì sí ẹni tó sọ̀rọ̀.

Ní ti Flow, bíi mílíọ̀nù 3.5 yúrò ni wọ́n ná, láti Látfíà, Faransé àti Bẹ́ljíọ̀m. Ó gbà ju ọdún márùn-ún lọ. Matīss Kaža bá Zilbalodis kọ ìtàn, Rihards Zaļupe bá a ṣe orin, Léo Silly-Pélissier ló darí àwọn tó ń mú ẹranko inú àwòrán rìn, Gurwal Coïc-Gallas ló sì ṣètò ìró àti ohùn. Owó náà kéré púpọ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ ti àwọn iléeṣẹ́ ńlá Amẹ́ríkà, ṣùgbọ́n owó ni.

Òótọ́ kan ni irọ́ yìí rọ̀ mọ́: kọ̀ǹpútà Zilbalodis fúnra rẹ̀ ni wọ́n fi ṣe render ìkẹyìn, ìyẹn sísọ iṣẹ́ inú kọ̀ǹpútà di àwòrán tí a ó wò. EEVEE, apá Blender tó ń ya àwòrán kíákíá bíi ti géèmù, ló mú un ṣeé ṣe. Férémù kan, ìyẹn àwòrán kan ṣoṣo nínú fíìmù, ń gba ìdajì ìṣẹ́jú àáyá sí ìṣẹ́jú àáyá 10. Ẹ jẹ́ ká ṣírò: fíìmù oníṣẹ́jú 85, ní férémù 24 fún ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan, jẹ́ férémù 122,400. Kódà bí gbogbo wọn bá gba 10, bí ọ̀sẹ̀ méjì ni. Render kọ́ ló jẹ ọdún márùn-ún.

Ìrìn ẹranko ló jẹ ẹ́. Wọn ò fi ẹ̀rọ gba ìrìn ológbò sílẹ̀. Ọwọ́ ni wọ́n fi tò ó, ìdúró kan tẹ̀lé òmíràn: etí, ìrù, èjìká, àtẹ́lẹsẹ̀ tí kò gbọdọ̀ máa yọ̀ lórí ilẹ̀. Zilbalodis sì fẹ́ kí kámẹ́rà máa tẹ̀lé wọn pẹ́ kó tó gé, nítorí náà kò sí ibi tí àṣìṣe lè fara pamọ́ sí. Iṣẹ́ ọ̀tọ̀ ni omi: ọ̀nà tí wọ́n gbà ṣe omi gbalasa kọ́ ni wọ́n gbà ṣe èyí tó ń ta sókè. Ohùn ẹranko gidi ni wọ́n lò, ṣùgbọ́n ti capybara, ẹranko Gúúsù Amẹ́ríkà kan tó jọ òyà ńlá, tinrín jù, ni wọ́n bá fi ti ọmọ ràkúnmí rọ́pò rẹ̀.

Ohun tí Zilbalodis ṣe fúnra rẹ̀ pọ̀ tó láìsí àbùmọ́: òun ló darí, òun ló gé e, ó sì ń wá ibi tí kámẹ́rà máa dúró sí nínú Blender gan-an dípò kó kọ́kọ́ yà á sórí ìwé. Ẹni tó bá fẹ́ dá ṣe tirẹ̀, Away ni kó wò.