Ṣé ẹ̀yà ló ń tú orílẹ̀-èdè ká, àbí owó?

Tíṣà Òkè-Fìà: Ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o, ẹ̀yin ará Òṣogbo. Ọ̀rọ̀ kan ń jà ràn-ìn ní Ọjà Ọba lọ́sẹ̀ yìí: pé bí Yorùbá bá dá dúró, owó wa á máa wà lọ́wọ́ wa. Tèmi ni pé ibi tí wọ́n bá ti ń fi orúkọ ẹ̀yà jà, ẹ yẹ àpò wọn wò. Slovenia àti Croatia ló rí jájẹ jù ní Yugoslavia, orílẹ̀-èdè kan ní Yúróòpù tó ti tú ká; àwọn ló kọ́kọ́ kéde òmìnira, lọ́jọ́ kan náà, 25 Òkúdu 1991. Ó ti sú wọn láti máa dáwó fún àwọn ìpínlẹ̀ tó tòṣì. Ní Kóńgò, òmìnira ò tíì pé ọ̀sẹ̀ méjì ní 1960 tí Tshombe, olórí ìjọba Katanga, fi yọ ìpínlẹ̀ náà kúrò, níbi tí bàbà pọ̀ sí. Iléeṣẹ́ àwọn ará Belgium tó ń wa bàbà náà ló ń san owó orí fún un.

Ọmọ Ayétòrò: Ẹ̀gbọ́n, mi ò bá yín lọ síbẹ̀. Ṣé olówó ni Bangladesh nígbà tó kúrò lára Pakistan ní 1971? Èdè ló dájà sílẹ̀. Ní Èrèlè 1952, ọlọ́pàá yìnbọn pa akẹ́kọ̀ọ́ ní Dhaka torí wọ́n ní kí èdè Bengali náà jẹ́ èdè ìjọba. Kí lowó ń wá níbẹ̀?

Àlàkẹ́ Sábó: Owó wà níbẹ̀ dáadáa, àbúrò. Bangladesh yẹn, tó jẹ́ ìlà-oòrùn Pakistan nígbà náà, ló ń gbin jute, ohun ọ̀gbìn tí wọ́n fi ń hun àpò, òun ló sì ń mú owó òkèèrè tó pọ̀ jù wọlé fún Pakistan. Ìwọ̀-oòrùn ni ìjọba jókòó sí. Ta ló roko, ta ló kórè? Èdè tí wọ́n bá fi ń gbani síṣẹ́ ọba, ṣé o lè yà á kúrò lára oúnjẹ ni?

Ará Mọdákẹ́kẹ́: Kí lẹ ń wá lọ sí Dhaka? Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun yìí ńkọ́? Ifẹ̀ àti Mọdákẹ́kẹ́, Yorùbá ni wá, a sì ti fẹ́ra wa tán. Síbẹ̀ ọ̀rọ̀ ìṣákọ́lẹ̀ lórí oko kòkó ò tán nílẹ̀: ta ló nilẹ̀, ta ni àtìpó? Ní 1997, ibi tí wọ́n máa fi ìjókòó ìjọba ìbílẹ̀ sí ló tún dá ogun sílẹ̀, torí ibi tí ìjọba bá wà niṣẹ́ àti owó ń lọ. Mo rí ilé tó jóná nígbà náà. Ẹni tó bá ní gbogbo Yorùbá á rẹ́ lọ́jọ́ tá a bá dá dúró, kó wá bá wa sọ ọ́.

Ọmọ Ayétòrò: Ẹ pẹ̀lẹ́, ẹ̀gbọ́n mi. Ṣùgbọ́n eléyìí ń dùn mí: ẹ má sọ fún Igbo tí wọ́n pa ará ilé rẹ̀ ní Àríwá ní 1966 pé epo rọ̀bì ló ń lé. Ẹ̀mí ló gbé sá wálé.

Tíṣà Òkè-Fìà: Òótọ́ ni, ẹ̀rù ló lé wọn wálé. Ohun tó tẹ̀lé e ni mo ń wò. Ní 27 Èbìbí 1967, Gowon dá ìpínlẹ̀ 12 sílẹ̀, kànga epo tó pọ̀ ní Ìlà-Oòrùn sì bọ́ sí Rivers, kúrò lábẹ́ Enugu tí ìjọba Ìlà-Oòrùn wà. Nígbà tó di 30 oṣù náà, Ojukwu kéde Biafra. Ogun parí ní 1970, ẹni tó lówó ní báńkì gba pọ́n-ùn 20 péré. Ní 1972, òfin ní kí òyìnbó ta ìpín iléeṣẹ́ wọn fún ọmọ Nàìjíríà. Kí ni Igbo fẹ́ fi rà á? Àwa níbí rà á. Inú tó ń bí wọn títí dòní, owó yẹn wà nínú ẹ̀.

Àlàkẹ́ Sábó: Èmi ọlọ́jà ni mo ń sọ̀rọ̀. Sokoto ni àlùbọ́sà mi ti ń wá. Àwìn ni Alhaji tó ń kó o wá ń gbé e fún mi, a ò tọwọ́ bọ̀wé. Nígbà ìjà Yorùbá àti Hausa ní Sábó Ilé-Ifẹ̀ ní 2017, ó dá àwìn dúró títí ara fi rọ̀. South Sudan kúrò lára Sudan ní 2011, epo wà lọ́wọ́ wọn, ṣùgbọ́n inú Sudan ni ọ̀pá epo gbà dé òkun. Kò pé ọdún kan tí ìjà owó ọ̀nà fi le débi pé wọ́n ti kànga pa. Kẹ́ni tó ní ká máa lọ sọ fún mi: èèló ni wọ́n máa gbà lórí ọkọ̀ àlùbọ́sà kan ní ẹnubodè Jẹ́bà, ta ló sì máa gbà á?