Olúmọ kọ́ ló ga jù, ẹ jọ̀ọ́

Ẹ̀yin ará Abẹ́òkúta, ẹ bá mi dá sí ọ̀rọ̀ yìí o. Inú ti ń bí mi láti àná.

Ọmọ ẹ̀gbọ́n mi gbé ìwé iṣẹ́ àmúrelé ẹ̀ dé. Wọ́n bi wọ́n pé òkè wo ló ga jù ní Nàìjíríà. Ọmọ kọ Chappal Waddi. Tíṣà fa bírò pupa lé e, ó kọ "Olúmọ" gàdàgbà sẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀, ó tún fàlà sí i nídìí lẹ́ẹ̀mejì. Ẹ̀ẹ̀mejì!

Ẹ̀gbá ni mí, n kì í fi Olúmọ ṣeré. Ṣùgbọ́n mítà 137 ni Olúmọ. Chappal Waddi tó wà ní Tàrábà, létí Kamẹrúùnù, mítà 2,419 ni. Ẹ to Olúmọ mẹ́tàdínlógún léra, kò ì tíì dé orí ẹ̀.

Ìbò ọdún 1961 ló sì fún wa lókè ọ̀hún. Kamẹrúùnù tó wà lọ́wọ́ Gẹ̀ẹ́sì ni ilẹ̀ yẹn tẹ́lẹ̀. Apá àríwá ní Nàìjíríà làwọn ń bá lọ. Apá gúúsù kọ̀, wọ́n sì bá Kamẹrúùnù lọ. Bí Òkè Kamẹrúùnù ṣe bọ́ lọ́wọ́ wa nìyẹn, òkè tó ju mítà 4,000 lọ, tó tún tu iná ní 1999. Gbogbo ìtàn yìí ni bírò pupa gbé mì.

(Ẹ̀yin tí ẹ ń sọ nínú fídíò pé Olúmọ ti tu iná rí, ẹ sinmi. Abẹ́ ilẹ̀ lòkúta yẹn dì sí, òjò àti ọ̀gbàrá ló hú u síta. Ẹni tó bá ń wá òkè iná, kó wọkọ̀ Biu ní Bọ̀rnò.)

Mo gbé ìwé náà lọ bá ìyá mi ní Ìtòkú. Ó ń ká àdìrẹ, aró ṣì wà léèékánná ẹ̀. Kò tilẹ̀ gbójú sókè.

"Nígbà tí Ṣódẹkẹ́ kó àwọn baba yín débí, abẹ́ òkè wo ni wọ́n sá sí?"

Mo ní, "Màámi, gíga ni wọ́n béèrè."

"Ó ga tó kéèyàn rí ọ̀tá lókèèrè. Ewo ni ti mítà? Bá mi di etí aṣọ yìí mú."

Mo dì í mú.

Mo ti kọ lẹ́tà sí tíṣà o. Ó ṣì wà lápò mi. Láàárọ̀ yìí lọmọ bi mí pé ìdánwò ń bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀, èwo ni kóun kọ? Mo ní kó tètè jẹun, ọkọ̀ ti dé.